Ká a bí ẹní, dè é mọ́lẹ̀, àbí yọ ọ́ dànù: èwo ló yẹ géèmù tí ẹ ò fẹ́ mọ́ lórí fóònù?

Bí ẹnì kan bá gbé fóònù wá bá mi pé kí n bá òun yọ géèmù kúrò, ìbéèrè kan ni mo kọ́kọ́ máa ń bi í: kí ni géèmù náà ṣe yín gan-an? Ìdáhùn wọn kì í dọ́gba. Fóònù ẹlòmíì ló kún, kò lè ya fọ́tò mọ́. Ẹlòmíì ò rí oorun sùn torí pé géèmù ń dún lóru, ó ń pè é pé kó wá gba ẹ̀bùn ọjọ́ náà. Owó ẹlòmíì ló ń jò lóṣooṣù. Ẹlòmíì sì rèé, ọmọ rẹ̀ ni kò gbé ìwé mọ́. Gbogbo wọn ló ń sọ pé àwọn fẹ́ "yọ ọ́", bẹ́ẹ̀ oògùn kan náà kọ́ ló máa wo àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin sàn. Ìdí nìyí tí mi ò fi ní to àwọn ọ̀nà yìí gẹ́gẹ́ bí irú fóònù tó wà lọ́wọ́ yín. Ohun tí ẹ fẹ́ gbà padà lọ́wọ́ géèmù ni mo fẹ́ fi wọ̀n wọ́n: àyè ni o, ìdákẹ́jẹ́ẹ́ ni o, owó ni o, tàbí àsìkò.

Àmì kúrò lójú, géèmù ò kúrò nílé

Ẹ jẹ́ ká tètè mú àṣìṣe tó wọ́pọ̀ jù kúrò nílẹ̀. Ìyá àgbàlagbà kan sọ fún mi pé òun ti yọ gbogbo géèmù tí àwọn ọmọ-ọmọ òun kó sórí fóònù òun, síbẹ̀ fóònù ṣì ń kígbe pé àyè ò sí. Mo wò ó, lóòótọ́ ojú fóònù mọ́ tónítóní. Ìgbà tí mo ṣí àkójọ áàpù ni mo rí i pé gbogbo wọn pé síbẹ̀ bí ẹni tó ń ṣèpàdé. Àmì wọn nìkan ni màmá ti ń fà kúrò níwájú.

Lórí ọ̀pọ̀ Android, bí ẹ bá tẹ àmì géèmù mọ́lẹ̀, ọ̀rọ̀ méjì lẹ sábà máa rí: Remove àti Uninstall. Remove kàn ń gbé àmì kúrò níwájú yín ni. Uninstall ló ń yọ géèmù fúnra rẹ̀. iPhone náà ní tirẹ̀ láti ìgbà iOS 14, tó jáde ní 2020: ẹ bá tẹ Remove App, ó máa bi yín bóyá Delete App lẹ fẹ́ tàbí Remove from Home Screen. Ìkejì yìí ń gbé géèmù lọ sínú App Library, àkójọ gbogbo áàpù orí iPhone, kò sì sọ ẹrù kankan kalẹ̀. Ó wúlò fún ẹni tí kò fẹ́ máa rí àmì náà kó má baà máa wù ú. Ibi tí ìwúlò rẹ̀ mọ nìyẹn.

Bó bá sì jẹ́ ariwo nìkan ló ń dà yín láàmú, ẹ má yọ ohunkóhun. Ẹ tẹ ìkìlọ̀ náà mọ́lẹ̀ nígbà tó bá jáde, kí ẹ pa Notifications rẹ̀. Láti Android 13, ti 2022, géèmù tuntun gbọ́dọ̀ tọrọ àyè lọ́wọ́ yín kó tó lè máa fi ìkìlọ̀ ránṣẹ́, nítorí náà ẹ lè ti sọ fún un láti ọjọ́ kìn-ín-ní pé rárá.

Yíyọ àti kíká

Àwọn méjì yìí ni àwọn èèyàn máa ń kà sí ọ̀kan náà, bẹ́ẹ̀ iṣẹ́ wọn jìnnà síra. Yíyọ, ìyẹn Uninstall lórí Android àti Delete App lórí iPhone, ń kó géèmù lọ tòun ti gbogbo ohun tó tọ́jú sórí fóònù: ibi tí ẹ dé, bí ẹ ṣe tò ó, àwòrán àti ohùn tó fà wálẹ̀. Kíká ní tirẹ̀ dà bí ẹní tí a ká, tí a fi ti ògiri. Lórí iPhone, Offload App ni orúkọ rẹ̀, iOS 11 ló sì gbé e dé ní 2017. Lórí Android, Play Store bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe irú rẹ̀ fúnra rẹ̀ ní 2023 nígbà tí àyè bá tán, Android 15 sì fi bọ́tìnì Archive sínú Settings gan-an ní 2024. Áàpù á lọ, àmì rẹ̀ á ṣẹ́kù, ibi tí ẹ dé nínú eré náà á sì wà níbẹ̀. Ọjọ́ tí ẹ bá tún tẹ àmì yẹn, á fa ara rẹ̀ wálẹ̀ padà, eré á sì máa lọ.

Ó dùn ún gbọ́, àbí? Ibi tí èmi àti kíká ti ń jà nìyí. Nígbà tí Google ń kéde rẹ̀, wọ́n ní ó lè dá nǹkan bí 60% àyè tí áàpù gbà padà. Ó lè rí bẹ́ẹ̀ fún áàpù ojú ọjọ́ tàbí ti ìròyìn. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ géèmù ńlá ló jẹ́ pé díẹ̀ nínú wọn lẹ ń gbà ní ilé ìtajà áàpù. Ìgbà tí ẹ bá kọ́kọ́ ṣí i ló máa wá ní kí ẹ dúró ná, kí òun fa ìyókù ẹrù òun wálẹ̀. Ìyókù ẹrù yìí, inú dátà ni fóònù sábà ń kà á sí, kíká kì í sì í fọwọ́ kan dátà. Géèmù lè wà níbẹ̀ tó gba 4GB, kó jẹ́ pé 300MB péré lẹ máa rí gbà padà bí ẹ bá ká a. Ẹ ká ẹní, ẹ fi bẹ́ẹ̀dì sílẹ̀ láàárín yàrá.

Ẹ kò ní láti méfò. Lórí iPhone, ẹ lọ sí Settings, General, iPhone Storage, kí ẹ tẹ orúkọ géèmù náà. Iye méjì ló wà níbẹ̀, App Size àti Documents & Data. Bí App Size bá ju ìkejì lọ dáadáa, kíká á ràn yín lọ́wọ́. Bó bá jẹ́ Documents & Data ló wúwo, àfi kí ẹ yọ ọ́. Android náà ń ṣe bẹ́ẹ̀: Settings, Apps, orúkọ géèmù, lẹ́yìn náà Storage, ibi tí ẹ ó ti rí ìwọ̀n áàpù, ti dátà àti ti cache lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Cache, ìyẹn ẹrù ìgbà díẹ̀ tí géèmù lè tún kó jọ fúnra rẹ̀, ṣeé nù láìbẹ̀rù. Clear storage tàbí Clear data ní tirẹ̀ máa ń dá géèmù padà sí ọjọ́ tí ẹ kọ́kọ́ gbà á, kì í ṣe bọ́tìnì tí à ń fi ìka dán wò.

Kíká tún gbára lé ìlérí kan: pé géèmù náà ṣì máa wà nínú ilé ìtajà áàpù lọ́jọ́ tí ẹ bá padà. Bí àwọn tó ṣe é bá ti kó o kúrò níbẹ̀, àmì tó ṣẹ́kù lójú fóònù yín ti di ilẹ̀kùn tí kò ní ilé lẹ́yìn. Yàtọ̀ sí ìyẹn, géèmù tí ẹ ò fẹ́ là ń sọ. Bí ẹ ò bá fẹ́ ẹ, kí lẹ ń tọ́jú ẹní rẹ̀ fún? Èmi gbà pé kíká wà fún géèmù tí ẹ ṣì fẹ́ràn, tí àyè ò kàn gbà báyìí. Èyí tó ti sú yín, ẹ yọ ọ́.

Kí ẹ tó yọ ọ́ ṣá, ẹ wò ó bóyá ẹ so ó mọ́ àkáǹtì kankan. Ẹni tó fi Google Play Games, Facebook tàbí àkáǹtì ilé iṣẹ́ géèmù náà wọlé sábà máa ń bá ibi tó dé bó bá tún gbà á lọ́jọ́ iwájú, torí pé orí sáfà, ìyẹn kọ̀ǹpútà wọn lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ni wọ́n ń tọ́jú rẹ̀ sí. Ẹni tó tẹ Guest, ìyẹn àlejò tí kò fi àkáǹtì kankan wọlé, tó sì ń ṣeré lọ, sábà máa ń ní gbogbo rẹ̀ sórí fóònù yẹn nìkan. Mo mọ ẹnì kan tó fi ọdún mẹ́ta kọ́ ìlú kan nínú géèmù báyìí, tí àbúrò rẹ̀ fi ìka kan wó o láàárọ̀ ọjọ́ kan pé òun ń bá a wá àyè.

Géèmù tó bá fóònù wá

iPhone kì í kó géèmù ilé iṣẹ́ mìíràn wá, nítorí náà ẹni tó ń lo Android ni mò ń bá wí níbí. Fóònù tuntun, ẹ kò tíì kọ nọ́ńbà ẹnikẹ́ni sí i, géèmù mẹ́rin márùn-ún ti jókòó sínú rẹ̀. Òwò ni: ẹni tó ṣe géèmù ń sanwó fún ẹni tó ń ṣe fóònù tàbí ẹni tó ń tà á.

Ẹ kọ́kọ́ gbìyànjú Uninstall, torí pé ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ áàpù lásán tí wọ́n kàn gbé kalẹ̀ dè yín. Èyí tó bá jẹ́ Disable ló wà níbi tó yẹ kí Uninstall wà, inú apá tí Android fúnra rẹ̀ ń gbé ló wà, apá tí fóònù ń kà ṣùgbọ́n tí a kò lè pa nǹkan rẹ́ níbẹ̀. Ọ̀nà mẹ́ta ló kù fún irú èyí.

Àkọ́kọ́ ni ká dè é mọ́lẹ̀. Ẹ tẹ dọ́ọ̀tì mẹ́ta tó wà lókè ojú ewé rẹ̀ nínú Settings, kí ẹ yan Uninstall updates, kí gbogbo ohun tó ti fi kún ara rẹ̀ láti ìgbà tí ẹ ti ra fóònù lọ. Ẹ nu dátà rẹ̀. Ẹ wá tẹ Disable. Àmì rẹ̀ á pòórá, kò ní ṣiṣẹ́, kò ní dún, kò ní fa ohunkóhun wálẹ̀ mọ́. Ó wà nílé o, ṣùgbọ́n a ti so ó lọ́wọ́ lẹ́sẹ̀.

Èkejì ń fẹ́ kọ̀ǹpútà, okùn USB àti irinṣẹ́ adb tí Google ń fúnni lọ́fẹ̀ẹ́ láti fi kọ̀ǹpútà pàṣẹ fún fóònù. Ẹ tẹ Build number lẹ́ẹ̀méje nínú About phone kí Developer options lè ṣí, ẹ tan USB debugging, kí ẹ wá kọ àṣẹ yìí lórí kọ̀ǹpútà, kí orúkọ package géèmù náà (orúkọ tí Android fúnra rẹ̀ fi mọ̀ ọ́n, kì í ṣe èyí tó wà lábẹ́ àmì rẹ̀) tẹ̀ lé e:

adb shell pm uninstall --user 0

Ẹni tó bá rí i lójú fídíò á rò pé iṣẹ́ ìyanu ni. Ẹ wo "--user 0" yẹn dáadáa: ohun tó ń sọ ni pé kí fóònù yọ géèmù náà fún ẹni àkọ́kọ́ tó ń lò ó. Ẹ̀dà tó wà nínú apá Android kò kúrò, àyè tó gbà níbẹ̀ kì í sì í ṣe àyè tí ẹ lè fi fọ́tò sí tẹ́lẹ̀. Ẹ bá dá fóònù padà sí bó ṣe rí nígbà tó jáde nílé iṣẹ́, géèmù á tún yọjú. Nítorí náà, ní ti àyè, kò sí ohun tó fi ju Disable lọ. Bọ́tìnì Disable tó bá ṣókùnkùn, tí kò ṣeé tẹ̀, ni mo fi ń gbé kọ̀ǹpútà jáde. Ohun tó dáa níbẹ̀ ni pé àṣìṣe ní àtúnṣe: ẹ kọ "adb shell cmd package install-existing" àti orúkọ kan náà, á padà síbi tó wà. Síbẹ̀, ẹ má fi àṣẹ yìí kan package tí ẹ kò mọ iṣẹ́ rẹ̀.

Ẹ̀kẹta ni root, ìyẹn gbígba àṣẹ pátápátá lórí fóònù, èyí tí ilé iṣẹ́ tó ṣe é kò fún yín. Òun nìkan ló lè hú géèmù náà tegbòtegbò, mi ò sì ní gbà yín nímọ̀ràn rẹ̀ láé nítorí géèmù. Láti bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, ẹ ó sábà ṣí bootloader (ètò tó ń jí fóònù nígbà tó bá ń tàn), ìyẹn á sì nu gbogbo ohun tó wà lórí fóònù. Ọ̀pọ̀ áàpù báńkì kì í gbà láti ṣiṣẹ́ lórí fóònù tí a ti root. Fóònù ìsinsìnyí sì máa ń yẹ apá Android rẹ̀ wò nígbà tó bá ń tàn; bó bá rí i pé ẹnì kan ti fọwọ́ kàn án, ó lè kọ̀ láti tàn. Eku kan kò tó ohun tí à ń torí rẹ̀ sun ilé.

| Ọ̀nà | Àyè tó ń dá padà | Ibi tí ẹ dé nínú eré | Ariwo | Bó ṣe ń padà |
|---|---|---|---|---|
| Gbígbé àmì kúrò | Kò sí | Ó wà | Ó ń lọ lọ́wọ́ | Kò lọ rárá |
| Pípa Notifications | Kò sí | Ó wà | Ó dákẹ́ | Ẹ tún un tàn |
| Kíká | Áàpù, kì í ṣe dátà | Ó wà | Ó dákẹ́ | Ẹ tẹ àmì rẹ̀ |
| Yíyọ | Gbogbo rẹ̀ | Ó lọ, àfi èyí tó wà lórí àkáǹtì | Ó dákẹ́ | Ẹ lọ gbà á lọ́tun |
| Dídè mọ́lẹ̀ | Àfikún rẹ̀ àti dátà tí ẹ nù | Ó lọ bí ẹ bá nu dátà | Ó dákẹ́ | Ẹ tẹ Enable |
| ADB | Bíi ti dídè | Ó lọ | Ó dákẹ́ | Àṣẹ kan lórí kọ̀ǹpútà |

Èyí tó ń jí dìde

Ẹ yọ ọ́ lónìí, ẹ tún bá a lọ́la. Ọ̀rọ̀ àjẹ́ kọ́. Lórí fóònù mìíràn, áàpù kan wà tó jẹ́ pé iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa gbé áàpù mìíràn wọlé, pàápàá lẹ́yìn tí fóònù bá gba àtúnṣe tuntun. Ẹ máa lé ọmọ títí, ìyá wọn ń bímọ lẹ́yìn yín. Bí ẹ ṣe máa mọ̀ ọ́n nìyí: kí ẹ tó yọ géèmù náà, ẹ ṣí ojú ewé rẹ̀ nínú Settings, Apps, kí ẹ sọ̀kalẹ̀ dé ìsàlẹ̀ pátápátá. Lórí ọ̀pọ̀ Android, App details wà níbẹ̀, ó sì ń sọ ẹni tó gbé géèmù náà wọlé. Bó bá jẹ́ Google Play Store, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé ẹnì kan nínú ilé ló gbà á. Ẹ béèrè lọ́wọ́ wọn. Bó bá jẹ́ orúkọ kan tí ẹ ò gbọ́ rí, ìyá wọn nìyẹn. Òun ni kí ẹ kọ́kọ́ dè, ká tó máa sọ ti àwọn ọmọ.

Lórí iPhone, ohun tó sábà ń fà á ni àkáǹtì àjọlò. Bí App Downloads bá wà ní títàn nínú ètò App Store, géèmù tí ọmọ bá gbà sórí iPad máa ń yọjú sórí fóònù yín bí ẹ bá jọ ń lo àkáǹtì Apple kan. Ẹ pa á, ó parí.

Àmì mìíràn sì wà tí kì í ṣe géèmù rárá, ọ̀nà àbùjá lásán ni sí ojú ewé kan lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ẹ kò ní rí orúkọ rẹ̀ nínú Apps, kò sì gba àyè. Fún èyí nìkan, Remove tó. Bó bá jẹ́ pé ó ń fi ìkìlọ̀ ránṣẹ́, inú Chrome tàbí brawúsà mìíràn ni ẹ ti máa gba àṣẹ náà kúrò lọ́wọ́ ojú ewé ọ̀hún.

Bí Uninstall bá wà ṣùgbọ́n tó kọ̀, ẹ wá Device admin apps nínú Settings, ibi tí àwọn áàpù tó ní àṣẹ àrà ọ̀tọ̀ lórí fóònù wà. Géèmù gidi kò ní iṣẹ́ kankan níbẹ̀. Ẹ gba ipò náà lọ́wọ́ rẹ̀, kí ẹ tún gbìyànjú. Bí ìpolówó rẹ̀ bá sì ti bo ojú fóònù débi pé ẹ ò rí ohun tí ẹ ń tẹ̀, ẹ tan fóònù ní Safe mode. Lórí ọ̀pọ̀ fóònù, títẹ Power off mọ́lẹ̀ ló ń gbé e jáde. Áàpù tí ẹ fúnra yín gbà kì í ṣiṣẹ́ níbẹ̀, ẹ ó sì ráyè bá a wí.

Bó bá jẹ́ owó

Yíyọ géèmù kò dá owó dúró. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún gbólóhùn yẹn kà. Ilé ìtajà áàpù ló ń gé owó oṣooṣù, kì í ṣe géèmù. Géèmù lè ti kúrò lórí fóònù láti èṣí kí owó ṣì máa lọ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́. Nínú Play Store, ẹ tẹ àwòrán yín lókè, kí ẹ lọ sí Payments & subscriptions, lẹ́yìn náà Subscriptions. Lórí iPhone, Settings, orúkọ yín, Subscriptions. Bó bá jẹ́ ìdánwò ọ̀fẹ́ lẹ wà lórí iPhone, Apple ní kí ẹ fagi lé e, ó kéré tán, wákàtí 24 kó tó parí.

Àkáǹtì yín lọ́dọ̀ ilé iṣẹ́ géèmù náà tún jẹ́ ọ̀tọ̀, tòun ti orúkọ àti ímeèlì tí ẹ fún wọn. Láti oṣù kẹfà 2022 ni Apple ti sọ ọ́ di dandan pé áàpù tó bá ń jẹ́ kéèyàn ṣí àkáǹtì nínú rẹ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ kó lè pa á rẹ́ nínú rẹ̀ náà. Google kéde irú òfin yẹn ní 2023, ó sì fi kún un pé kí ọ̀nà kan wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì fún ẹni tó ti yọ áàpù. Nítorí náà ó ní bó ṣe tò: ẹ fagi lé owó, ẹ pa àkáǹtì rẹ́, kí ẹ wá yọ géèmù. Ẹni tó bá gbé ti ẹ̀yìn síwájú lórí iPhone lè tún gba géèmù tó kórìíra padà kó tó lè kọ̀ ọ́ sílẹ̀. Mo ti ṣe é rí.

Bó bá jẹ́ ọmọ

Yíyọ ló yá jù níbí, òun náà ló sì rọrùn jù láti sọ di asán. Ọmọ á ti gbà á padà kí ẹ tó wẹ̀ tán. Ohun tí mo máa ń fi sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ni títi ilé ìtajà pa. Nínú Family Link ti Google, ẹ lè ṣètò rẹ̀ kí ohunkóhun tí ọmọ bá fẹ́ gbà kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ yín fún àṣẹ. Nínú Screen Time ti iPhone, tó wá pẹ̀lú iOS 12 ní 2018, ẹ lọ sí Content & Privacy Restrictions, kí ẹ sọ pé kò sí àyè láti gba áàpù; àmì App Store fúnra rẹ̀ á pòórá.

Méjèèjì tún lè fi àsìkò sí géèmù kan ṣoṣo, ìdajì wákàtí lóòjọ́ bí àpẹẹrẹ, kó sì ti ara rẹ̀ pa. Bí géèmù náà kò bá ní ohun tó burú nínú, tó jẹ́ pé pípẹ́ níbẹ̀ nìkan ni wàhálà, àsìkò ni mo fara mọ́, torí pé ọmọ tí ẹ bá wó ilé tó kọ́ kì í tètè gbàgbé. Bó bá sì jẹ́ pé owó ló ń ná níbẹ̀ tàbí pé àwọn tí ẹ kò mọ̀ ń bá a sọ̀rọ̀ níbẹ̀, ẹ yọ ọ́, kí ẹ ti ilé ìtajà ní ọjọ́ kan náà. Nọ́ńbà tí ẹ bá fi tì í, kó má ṣe jẹ́ ọdún tí wọ́n bí i. Òun ló kọ́kọ́ máa tẹ̀.